Aṣọ Gàárì Tí Odò Kò Gbé Lọ

Ní abúlé Tasarik, ní ẹsẹ̀ àwọn òkè Altai, gbogbo ènìyàn ló gbà pé kò sí ẹni tó mọ aṣọ irun àgùntàn ṣe tó Nazipa. Ẹnì kan ṣoṣo ni kò gbà. Ẹni náà ń gbé inú ilé kan náà pẹ̀lú rẹ̀, ó ń jẹ oúnjẹ rẹ̀, ó ń mu ife tíì mẹ́tàdínlógún rẹ̀ lójúmọ́, òun sì ni ìyá ọkọ rẹ̀. Kanipa ni wọ́n ń pe ìyá náà. Ẹni ọdún mọ́kàndínláàádọ́rùn-ún ni. Eyín mẹ́rin ló kù lẹ́nu rẹ̀, mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ló sì fi ń bu ènìyàn jẹ.

Bí Nazipa bá ti parí aṣọ kan, tí àwọn aládùúgbò wá wò ó, tí wọ́n ń pariwo pé ó mà dára o, Kanipa á ní kí wọ́n gbé e wá sí ibi tí òun jókòó sí. Kò ní wo iwájú aṣọ náà rárá. Ẹ̀yìn rẹ̀ ló máa ń yí wò, nítorí ẹ̀yìn aṣọ ni àṣírí ẹni tó rán an wà. Á fi ìka tọ ojú abẹ́rẹ́ láti igun dé igun, á sì dá aṣọ náà padà.

Á wá sọ pé, "Kò burú. Ṣùgbọ́n kò tó èyí tí odò gbé lọ."

Ọdún mẹ́tàlélógójì ló fi sọ ọ́. Oralbek, ọkọ Nazipa, gbọ́ ọ títí ó fi kú. Ọmọ wọn tó wà ní ìgboro gbọ́ ọ lórí fóònù. Ó ti wá kù sí àwọn obìnrin méjèèjì nínú ilé, ọ̀kan ń ṣiṣẹ́, èkejì ń wo ẹ̀yìn iṣẹ́. Ṣùgbọ́n ohun tí Nazipa kò sọ fún ẹnikẹ́ni, kódà fún Oralbek lórí ibùsùn, ni pé odò kò gbé nǹkankan lọ.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe jẹ́. Nígbà tí wọ́n wá tọrọ Nazipa, ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni, ìjánu ẹṣin nìkan ló sì mọ̀ ọ́n mú dáadáa. Ó máa ń fi àwọn ọkùnrin sẹ́yìn nínú eré ẹṣin. Ṣùgbọ́n ìyá rẹ̀ kò sọ ìyẹn fún àwọn àna. Ohun tó sọ ni pé ọmọ òun mọ aṣọ irun ṣe bí idán. Àwọn aṣọ tí wọ́n sì dì mọ́ ẹrù ìyàwó, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló ṣe gbogbo wọn. Ẹnu ìyá ló gbé ọmọ wọlé ọkọ, ọwọ́ ọmọ ni kò bá ẹnu náà dé ibẹ̀.

Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kẹta, Kanipa gbé aṣọ irun méjì jáde, ọ̀kan funfun, ọ̀kan pupa rẹ́súrẹ́sú, tí òun fúnra rẹ̀ ti fi omi gbígbóná tẹ̀, tó sì ti yí mọ́lẹ̀ títí irun fi di ara kan. Ó ní kí ìyàwó fi wọ́n ṣe aṣọ gàárì fún bàbá ọkọ rẹ̀, tí Nazipa ń pè ní Bàbá Ẹlẹ́ṣin, torí ìyàwó kì í dárúkọ àwọn ẹbí ọkọ. Bàbá Ẹlẹ́ṣin fẹ́ fi í sórí ẹṣin níbi eré ìgbà ooru.

Iṣẹ́ yìí ní ètò tirẹ̀. Wọn á tẹ́ funfun lé pupa, wọn á ya ìwo àgbò sí i, wọn á sì fi ọ̀bẹ mímú gé méjèèjì pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Lẹ́yìn ìyẹn, wọn á mú ìwo funfun sínú àyè tí pupa fi sílẹ̀, wọn á mú ìwo pupa sínú àyè funfun. Kò sí èérún tó ń ṣòfò. Gígé kan, aṣọ méjì. Bí ọwọ́ bá pé, ìbejì arẹwà lo bí. Bí ọ̀bẹ bá yọ̀, àbùkù kan náà ni ìbejì méjèèjì máa gbé wáyé.

Ọ̀bẹ yọ̀. Ẹṣin kan ló sáré kọjá lẹ́yìn ilé, Nazipa sì gbójú sókè láti mọ ti ta ni. Ìwo àgbò tó yẹ kó ká lẹ́ẹ̀mejì wá parí síbi ṣóńṣó bí ẹnu àṣá. Ó gbìyànjú láti tún un ṣe, ó gé ihò kékeré kan sí i, ó wá di ohun tó ní ojú. Ó fi òwú irun ràkúnmí rán an, ó ní bóyá ojú abẹ́rẹ́ á bò ó. Kàkà kó bò ó, ẹyẹ náà túbọ̀ ń bínú ni.

Ẹ̀rù bà á gan-an. Wọn á ní aláìmọ̀-ọ́n-ṣe ni wọ́n gbé wá fún wọn, wọn á ní ìyá rẹ̀ purọ́, bẹ́ẹ̀ ìyá rẹ̀ purọ́ lóòótọ́. Nígbà tó ku ọ̀la kí eré ẹṣin wáyé, ó ká aṣọ méjèèjì sábẹ́ aṣọ àwọ̀lékè rẹ̀, ó gun ẹṣin lọ sí pápá, ó sì ronú ibi tí ẹnikẹ́ni kò ní fọwọ́ kàn láéláé. Ibẹ̀ ni òkìtì òkúta ńlá tí àwọn ará àtijọ́ kó lé òkú olóyè wọn lórí. Kò sí ẹni tó jẹ́ mú òkúta kan níbẹ̀. Kanipa gan-an ló ń ṣọ́ èèwọ̀ náà. Ó ti fi ìgbákọ lé awakọ̀ katakata kan tó fẹ́ wá kó òkúta níbẹ̀, títí awakọ̀ náà fi fi katakata sílẹ̀ tó sì fẹsẹ̀ fẹ.

Nazipa ki ìbejì rẹ̀ sínú ihò láàárín àwọn òkúta. Ó rọra sọ fún òkú tó wà nísàlẹ̀ pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi tọ́jú ẹ̀." Ó sọ̀ kalẹ̀ lọ sétí odò, ó ki ẹsẹ̀ bọ omi dé orúnkún, ó sì gbé ẹkún délé pé òun ń ṣan aṣọ ni odò fi já a gbà.

Kanipa kò bú u. Ó wo yẹ̀rì rẹ̀ tó tutù, ó wo ojú rẹ̀, ó ní, "Odò mọ ohun tó dára." Láti ọjọ́ kejì ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í yin aṣọ náà fún gbogbo ayé.

Ojú tì Nazipa débi pé ó kọ́ iṣẹ́ náà. Ó jókòó ti ìyá ọkọ rẹ̀ fún ọdún mẹ́wàá, ó tẹ irun, ó gé e, ó tú u, ó tún un rán. Ó di àgbà nínú iṣẹ́. Ṣùgbọ́n nínú gbogbo ohun tó ṣe láyé rẹ̀, ìyìn kan ṣoṣo ló gbà lẹ́nu obìnrin tó kọ́ ọ níṣẹ́, àárín òkúta sì ni ohun tí wọ́n yìn náà wà. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó, ṣé irú ìyìn bẹ́ẹ̀ ni ènìyàn á fi ọwọ́ ara rẹ̀ bàjẹ́?

Nígbà tó yá, àwọn awalẹ̀pìtàn dé láti wa òkìtì òkúta náà. Darhan ni olórí wọn, ọkùnrin tí kò tí ì tó ogójì ọdún, tó máa ń bẹ òkúta bí ẹni ń bẹ àna. Àwọn àgbà abúlé pa àgùntàn, wọ́n gbàdúrà, Darhan sì ṣèlérí pé òun á dá egungun olóyè náà padà síbi tó wà. Gbogbo ènìyàn rò pé Kanipa á gbé ìgbákọ. Ó kàn ní, "Ẹ jẹ́ kí wọ́n wà á. Èmi náà fẹ́ mọ ohun tó wà níbẹ̀."

Lọ́jọ́ kejì ni Nazipa lọ gba iṣẹ́ ìdáná lọ́dọ̀ wọn. Ọ̀nà kan ṣoṣo nìyẹn tó fi lè sún mọ́ ihò náà ṣáájú wọn. Kò tíì sí alásè tó gbé ọbẹ̀ káàkiri bẹ́ẹ̀ rí. Ó gbé ẹran wá láàárọ̀, ó gbé baursak, búrẹ́dì díndín wọn, wá ní gbígbóná kí epo tó gbẹ lára rẹ̀, ó gbé wàrà ẹṣin kíkan wá nígbà tí kò sẹ́ni tó ní òùngbẹ, ó sì ń yọjú sáàárín òkúta ní gbogbo ìgbà. Ṣùgbọ́n òkúta ti ya lulẹ̀ bo ihò náà láti ọdún pípẹ́. Darhan ń wò ó, inú rẹ̀ dùn.

Ó ní, "Màmá, mo ti rí i pé ẹ fẹ́ràn ìtàn. Ẹ gba búrọ́ọ̀ṣì. Ẹ fi ọbẹ̀ sílẹ̀ fún ẹlòmíràn."

Bí obìnrin tó wá jí nǹkan tirẹ̀ ṣe di òṣìṣẹ́ ìwádìí nìyẹn.

Ó sì mọ iṣẹ́ náà, kí á má parọ́. Nígbà tí wọ́n dé ibi tí yìnyín wà lábẹ́ òkúta, ẹṣin mẹ́fà ni wọ́n bá nínú rẹ̀, pẹ̀lú irun àti awọ lára. Ìjánu wọn kún fún àgbọ̀nrín onígi tí wọ́n fi wúrà bò. Ọ̀kan nínú wọn dé fìlà awọ tó ní ìwo gígùn méjì, kí ó lè dà bí òbúkọ orí òkè. Darhan ní ohun ìjìnlẹ̀ ni. Nazipa ní àwọn àgbà yẹn fẹ́ràn ẹ̀fẹ̀. Aṣọ irun tó wà lẹ́yìn ẹṣin, Nazipa ni wọ́n fún láti fọ̀ ọ́. Ó kọ́kọ́ yí ẹ̀yìn rẹ̀ wò, bí Kanipa ṣe kọ́ ọ. Ló bá bú sẹ́rìn-ín.

"Kí ló dé, Màmá?"

"Wá wo ibí. Ọ̀bẹ ló yọ̀ mọ́ ọn lọ́wọ́, ló bá fi èérún aṣọ lẹ̀ ẹ́ lẹ́yìn. Wo bó ṣe ń fi ìkánjú rán an."

"Ta ni?"

"Ìyàwó ilé kan. Ìyá ọkọ rẹ̀ ló ń bọ̀."

Darhan kọ ọ́ sílẹ̀. Gbogbo nǹkan ni ọmọ yẹn máa ń kọ sílẹ̀.

Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, nígbà tí wọ́n ń kó òkúta kúrò lójú ọ̀nà tí àwọn olè ayé àtijọ́ gbà wọlé, Darhan sáré wá pẹ̀lú nǹkan dúdú kan lọ́wọ́, omi ń ro tótó lára rẹ̀. Ó gbé e bí ẹni gbé ọmọ tuntun.

"Màmá, ẹ wá wò ó! Àwọn olè ló já a sílẹ̀! Ẹyẹ abàmì ni, ẹlẹ́nu àṣá, ó gba ìwo àgbò mú! A ò tíì rí irú èyí rí!"

Ìdọ̀tí àti yìnyín ti sọ funfun di dúdú, ṣùgbọ́n ìyá kì í gbàgbé ọmọ rẹ̀. Nazipa di etí tábìlì mú.

"Ṣé kì í ṣe ìwo àgbò lásán ni, Darhan?"

"Màmá! Ẹ wo ojú rẹ̀."

Ojú! Ó wò ó. Ẹyẹ náà ń wò ó padà, inú ṣì ń bí i.

Ohun tó tún ṣe é ní kàyéfì ni pé ẹyọ kan ni wọ́n rí. Méjì ló fi síbẹ̀. Ó bá wọn ṣí gbogbo òkúta tó yí ibẹ̀ ká, ọmọ kejì kò sí níbẹ̀.

Darhan ní lọ́jọ́ Sátidé, àwọn àlejò láti ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé ńlá á dé pẹ̀lú àwọn oníròyìn. Lẹ́yìn ìyẹn, òun á gé òwú díẹ̀ ránṣẹ́ sílé àyẹ̀wò kí wọ́n lè sọ ọjọ́ orí rẹ̀. Ó sì fẹ́ kí ìyá àgbà Kanipa wá súre fún wọn. Nazipa rí gbogbo rẹ̀ kedere. Bí òun bá dákẹ́, ilé àyẹ̀wò á ní aṣọ yìí kò fi bẹ́ẹ̀ dàgbà ju Darhan fúnra rẹ̀ lọ, wọn á sì fi ọmọ ọlọ́mọ ṣẹ̀sín títí ayé. Bí òun bá sọ̀rọ̀, èyí tí odò gbé lọ á bọ́ sílẹ̀ lẹ́nu Kanipa, kò sì ní sí ìyìn kankan fún un mọ́ láyé. Ó ṣe bí ọmọdé, ó sunkún nídìí ìkòkò, ó ní èéfín ni.

Ó kọ́kọ́ fi ọgbọ́n àyínìke ṣe é. Ó ní kí Darhan dá ẹyẹ náà padà, pé òkú lè bínú. Darhan ní òkú ti fún àwọn láyè. Ó padà sílé.

"Ìyá, oòrùn á mú yín níbẹ̀ lọ́jọ́ Sátidé."

"Oòrùn ti mú mi láti gbogbo ọdún yìí wá, ṣé mo ti jóná?"

"Ọ̀nà ibẹ̀ kò dára, ọkọ̀ á gbọn yín."

"Egungun mi ni á gbọ̀n, kì í ṣe tìẹ. Wá aṣọ orí mi funfun fún mi. Kí ló ń ṣe ẹ́ gan-an, tí ojú ẹ rí bí ti ewúrẹ́ tó jẹ iyọ̀ oníyọ̀?"

Nígbà tó di Sátidé, wọ́n gbé Kanipa jókòó síwájú, ó gbé àpò rẹ̀ lé orí itan. Obìnrin kan tó sanra láti ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé jókòó tì í. Darhan sọ̀rọ̀ ẹṣin, ó sọ̀rọ̀ wúrà, ó wá ká aṣọ funfun kúrò lórí tábìlì tó kẹ́yìn. Kí ó tó lanu, Kanipa ti dìde, ó na ọwọ́, ó yí ẹyẹ náà dojú dé.

"Ìyá àgbà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fọwọ́ kàn án!"

Kanipa wo ẹ̀yìn rẹ̀ láti igun dé igun. Ó padà jókòó.

Darhan nu òógùn ojú. "Ẹ̀yin àlejò wa, láti nǹkan bí ẹgbẹ̀rún méjì àti irinwó ọdún sẹ́yìn..."

"Darhan, dúró."

Gbogbo ojú yí sí Nazipa.

"Èmi ni mo ṣe é. Kì í ṣe ẹyẹ. Ìwo àgbò ni, ọ̀bẹ ló yọ̀ mọ́ mi lọ́wọ́. Ibi tí ẹ ń pè ní ojú yẹn, mo fẹ́ tún un ṣe ni. Ìyàwó tuntun ni mí nígbà yẹn. Ẹ̀rù Ìyá ń bà mí, ni mo bá fi í pamọ́ síbí, mo ní odò gbé e lọ." Ó yíjú sí Kanipa. "Ìyá, mo parọ́ fún yín. Kò dára rárá. Ẹ̀ẹ̀kan náà tí ẹ yìn mí, irọ́ lẹ yìn."

Oníròyìn kan rẹ́rìn-ín. Ojú Darhan funfun bí ẹfun. "Màmá, ẹ̀fẹ̀ lẹ ń ṣe, àbí?"

Obìnrin tó sanra náà ní àwọn màmá abúlé máa ń sọ bẹ́ẹ̀, wọ́n fẹ́ kí wọ́n fi àwọn sínú ìwé ìròyìn, kí á máa bá iṣẹ́ lọ.

"Ìwọ, ta ló ń bá ẹ sọ̀rọ̀?" Kanipa ló sọ bẹ́ẹ̀. Ó ti ṣí àpò rẹ̀. Ó fa nǹkan kan jáde, ó tẹ́ ẹ sórí tábìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ti Darhan. Aṣọ pupa rẹ́súrẹ́sú ni, ẹyẹ funfun tó ti wọ inú pupa lọ, ẹnu ṣóńṣó kan náà, ojú kan náà, ìbínú kan náà.

Nazipa fa aṣọ náà mọ́ra. "Ìyá! Níbo lẹ ti rí i?"

"Níbi tí o fi í sí."

"Inú òkìtì?"

"Àbí inú odò?" Kanipa fi ẹnu rẹ̀ dá àpárá bó ṣe máa ń ṣe. "Ìyàwó tuntun di nǹkan sábẹ́ aṣọ gun ẹṣin jáde ní kùtùkùtù, kí n má tẹ̀ lé e? Nígbà tí o lọ fi ẹsẹ̀ bọ omi, mo ki ọwọ́ bọ ihò yẹn dé èjìká. Ẹyọ kan lọwọ́ mi tó. Èkejì ti yọ̀ lọ sísàlẹ̀."

"Ẹ̀yin tí ẹ fi ìgbákọ lé awakọ̀ katakata!"

"Awakọ̀ katakata kì í ṣe ìyàwó mi. Mo rò pé o fẹ́ sá lọ sílé yín ni. Nígbà tí mo rí i pé aṣọ lásán ni, mo jókòó sórí òkúta, mo rẹ́rìn-ín títí ìhà fi ń dùn mí. Mo wá ní, ó dáa, n ó máa yìn ín lójú ẹ lójoojúmọ́ títí o fi máa jẹ́wọ́. Ta ló mọ̀ pé orí ẹ le tó ọdún mẹ́tàlélógójì?"

Gbogbo àwọn ará abúlé ti ń rẹ́rìn-ín, Darhan pàápàá jókòó lórí garawa, ó ń rẹ́rìn-ín bí ẹni tí wọ́n yọ nínú omi. Nazipa nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ó dùn ún. Ó dùn ún dé ọkàn.

Ó ní, "Nígbà náà, ẹ ò yìn mí rí. Yẹ̀yẹ́ lásán ni gbogbo rẹ̀."

Kanipa wò ó bí ẹni ń wo ọ̀dẹ̀.

"Kí ni mo máa ń sọ kí n tó dárúkọ odò?"

Nazipa ronú. "Ẹ máa ń ní kò burú."

"Ta lo tún gbọ́ tí mo sọ bẹ́ẹ̀ fún rí? Iṣẹ́ ìyá mi, mo sọ bẹ́ẹ̀? Iṣẹ́ tèmi gan-an ńkọ́?"

Nazipa wádìí inú ara rẹ̀ títí, kò rí ẹnì kankan. Ló bá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ ìyá ọkọ rẹ̀, níwájú àwọn oníròyìn, ó sunkún. Lọ́tẹ̀ yìí, kò sí èéfín níbẹ̀ tó máa fi purọ́.

Obìnrin tó sanra yẹn yára yí ọ̀rọ̀ padà sórí àwọn ẹṣin, ẹ̀rù eyín mẹ́rin yẹn ti ń bà á. Darhan kó ìbejì náà fún àwọn tó ni ín, ó sì dì mọ́ Nazipa.

Nígbà tí wọ́n délé, Kanipa mu tíì mẹ́ta kí ó tó sọ̀rọ̀.

"Aṣọ irun tí wọ́n á fi dì mí gbé lọ sí ibojì, mi ò fẹ́ èyí tí wọ́n rà. Ìwọ ni kí o ṣe é. Mo sì gbọ́dọ̀ yẹ̀ ẹ́ wò fúnra mi. Bí kò bá dára, mi ò lọ síbi kankan."

Nazipa ní, "Ó dáa, Ìyá."

Ó bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ kejì. Nígbà tó parí èkíní, ìwo kan kúrú ju èkejì lọ. Kanipa yí i padà, ó pariwo, ó ní ṣé wọ́n fẹ́ kí ọkọ òun fi òun ṣẹ̀sín lọ́hùn-ún ni, kí ó ṣe òmíràn. Nazipa ní kí wọ́n má bínú, ojú òun ni kò ríran dáadáa mọ́. Ojú tó ń fi òwú sínú abẹ́rẹ́ láìlo awò ojú! Nígbà òtútù tó kọjá, ó parí èkejì. Etí rẹ̀ wọ́. Kẹta dé ní ìgbà tí koríko tuntun hù, ọ̀bẹ tún ti yọ̀ níbì kan. Kanipa bú u láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́, ó mu tíì, ó ní lọ́dún yìí kò sí bí òun ṣe lè kú nínú irú pàǹtírí yìí. Nazipa ń tọrọ àforíjì, ó ń bu tíì fún un. Ó ti tọ́jú irun àgùntàn tó tó ṣe mẹ́wàá sí i sínú àká.